Ẹ Má Gbà Á

Kí n tó pé ọmọ ogún ọdún, mo ti jẹ́ ìyá arúgbó tí kò léyín, mo ti jẹ́ wèrè inú ọjà, mo ti jẹ́ akọ̀wé kóòtù tó ń gba rìbá, mo sì ti kú lójú èrò ju iye ìgbà tí mo lè kà lọ. Mo tún jẹ́ bàbá àgbà onírùngbọ̀n. Irun ewúrẹ́ ni irùngbọ̀n náà, góòmù ni a fi lẹ̀ ẹ́ mọ́ mi lágbọ̀n, ó sì ń yún mi bí ẹni tó fara kan wèrèpè. Àwọn ọmọ ìwé tó ń wá bi mí léèrè lóde òní máa ń sọ pé, "Màmá, ta ló kọ́ yín tí ẹ fi lè ṣe gbogbo èèyàn báyìí?" Wọ́n ń retí kí n dárúkọ ilé ìwé kan, tàbí kí n ní ẹ̀bùn Ọlọ́run ni. Ẹ̀bùn Ọlọ́run wà níbẹ̀, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n ìyà ló kọ́ mi níṣẹ́. Ọkùnrin kan ló sì ń fi ìyà náà jẹ mí, nítorí pé ó fẹ́ fẹ́ mi, mo ní mi ò fẹ́.

Ọkùnrin náà ni ọ̀gá ẹgbẹ́ eléré wa. Nígbà náà, "wọn" ni mò ń pè é, mo sì ń kúnlẹ̀ kí i ní àràárọ̀. Nínú ìwé tèmi yìí, "ó" ni n óò máa pè é. Ẹni tí kò bá tẹ́ lọ́rùn, kó lọ kọ tirẹ̀.

Ìfọ̀ ni wọ́n bí mi sí. Bàbá mi ló ń ṣọ́ géètì níbi tí ọ̀nà ọkọ̀ ti gba orí irin kọjá. Bí rélùwéè bá ń bọ̀ láti Èkó tàbí láti Abẹ́òkúta, wọ́n á ti géètì, wọ́n á na àsíá pupa, gbogbo lọ́rì á dúró. Èèyàn kúkúrú ni wọ́n nínú aṣọ kakí wọn, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti na àsíá yẹn, kò sí olówó Ìfọ̀ tó gbọdọ̀ kọjá. Ìyá mi ti kú nígbà tí mo wà ní kékeré, èmi nìkan sì ni ọmọ, nítorí náà ẹ̀gbẹ́ irin ni mo dàgbà sí. Mo máa ń wo àwọn èrò ojú fèrèsé, mo sì máa ń sín wọn jẹ fún bàbá mi: ẹni tó sùn tó lanu sílẹ̀, obìnrin tó ń bá ọkọ rẹ̀ jà láìgbé ohùn sókè, ọlọ́pàá tó fi ẹ̀yìn sí àwọn èèyàn kó lè rí ẹ̀pà jẹ. Bàbá mi a rẹ́rìn-ín títí omi á fi bọ́ lójú wọn. Wọn ò mọ̀ pé iṣẹ́ ni ọmọ wọn ń kọ́.

Mo tó ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún nígbà tí ẹgbẹ́ eléré kan wá ṣeré ní Ìfọ̀. Kí ọ̀sẹ̀ kejì tó pé, mo ti bá wọn lọ. Bàbá mi ní àwọn ò bí alágbe. Fún wọn, ẹni tó ń jó kiri kí wọ́n lè fún un lówó, alágbe ni, kódà bó wọ bàtà. Nígbà tí àwọn ará àdúgbò bi wọ́n léèrè mi, wọ́n ní mo ti lọ kọ́ iṣẹ́ aṣọ rírán l'Ékòó. Aṣọ kan ṣoṣo tí mo rán lọ́dún yẹn ni ṣòkòtò ọ̀gá, tó ya níbi tó ti ń jó.

Ẹ gbọ́ bí a ṣe ń ṣiṣẹ́, nítorí ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ yìí wà. Kò sí ìwé. Kò sí ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ kankan sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Láàárọ̀, ọ̀gá á jókòó sórí àpótí aṣọ, á sọ ìtàn eré fún wa: ọkùnrin olówó kan rí ọmọbìnrin kan, ó lọ tọrọ rẹ̀, wọ́n fún un, wàhálà dé. Ó tán. Kálukú á lọ wá ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Bí o bá dé orí ìtàgé, ohun tó bá wá sí ọ lẹ́nu ni wàá sọ, ẹni kejì á sì gbà á lẹ́nu rẹ. Òfin kan ṣoṣo ni ọ̀gá fún wa, ó sì máa ń fi ọwọ́ gbá àpótí bó bá ń sọ ọ́: "Ohun tẹ́nì kan bá ti sọ lójú èrò, ó ti rí bẹ́ẹ̀ nìyẹn. Ẹ ò gbọdọ̀ ní kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ tẹ̀ lé e." Bí mo bá sọ lójú èrò pé ẹsẹ̀ rẹ kan ti ṣẹ́, kí o bẹ̀rẹ̀ sí í tiro ló kù. Mo rí ọ̀gá fúnra rẹ̀ tó tiro fún odindi wákàtí kan nítorí pé ọmọ ẹgbẹ́ kan ṣèèṣì pè é ní arọ. Mo kórìíra rẹ̀ láwọn ìgbà kan, ṣùgbọ́n mi ò ní sọ pé kò mọṣẹ́.

Ìyàwó mẹ́ta ló ní, eléré inú ẹgbẹ́ sì ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ohun tó máa ń sọ ni pé obìnrin tí kì í bá ṣe ìyàwó òun, bí òun bá kọ́ ọ níṣẹ́ tán, ọkùnrin kan ní ìlú kan á gbé e lọ, tàbí kí àwọn òbí rẹ̀ wá fà á lọ sílé ọkọ. Kì í ṣe irọ́ pátápátá. Ẹgbẹ́ rẹ̀ ti tú mọ́ ọn lọ́wọ́ báyẹn rí kí n tó dé. Oògùn tó wá rí sí i ni pé kí ó máa fẹ́ gbogbo wọn. Ẹ wo ọgbọ́n.

Ìgbà àkọ́kọ́ tó sọ fún mi pé òun fẹ́ fẹ́ mi, ìyàwó ni mò ń ṣe nínú eré, aṣọ tó dára jù nínú àpótí ló sì wà lára mi. Mo ní, "Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, iṣẹ́ ni mo bá wá." Lọ́jọ́ kejì, ó gba aṣọ náà lọ́wọ́ mi, ó ní kí n lọ ṣe ìyá arúgbó. Ó rò pé n óò sunkún. Mo lọ jókòó ti ìyá kan tó ń ta ẹ̀kọ nídìí ọkọ̀, mo ń wo bó ṣe ń dìde: ọwọ́ á kọ́kọ́ lọ sórí orúnkún, á sinmi díẹ̀, kó tó wá na ẹ̀yìn. Nígbà tí mo ṣe é lórí ìtàgé, àwọn obìnrin tó wá wòran ń sọ fún mi pé, "Ẹ rọra o, Ìyá." Ó tún bi mí, mo tún ní rárá, ó sọ mí di wèrè. Ó tún bi mí. Ó sọ mí di òkú tí wọ́n kàn tẹ́ sílẹ̀, tí kò lọ́rọ̀ kan láti sọ. Kí eṣinṣin bà lé ọ lójú kí o má sì mira, ẹ lọ gbìyànjú ẹ̀ wò. Nígbà tí obìnrin tó lè fi mí ṣe tán, ó fi mí ṣe ọkùnrin, mo sì ṣe é. Ó rò pé ìyà lòun fi ń jẹ mí. Kò sí ipa tí mi ò lè ṣe mọ́, òun fúnra rẹ̀ ló sì sọ mí dà bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ kó yé yín. Mo fẹ́ iṣẹ́ náà. Mi ò fẹ́ ọkùnrin náà. Nígbà ayé wa, kò sẹ́ni tó rò pé obìnrin lè mú ọ̀kan kó fi èkejì sílẹ̀. Bí mo bá kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀, ẹgbẹ́ mìíràn ò ní gbà mí. Gbogbo àwọn ọ̀gá ló mọ ara wọn, bákan náà ni wọ́n sì ń ṣe. Bí mo bá padà sílé, irọ́ tí bàbá mi pa á di òótọ́, n óò sì jókòó sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ títí ayé.

Ní ọdún kejì, ọ̀gá sọ pé Ìfọ̀ la ti máa ṣeré, nínú gbọ̀ngàn ilé ìwé kan, láago mẹ́rin ọ̀sán Sátidé. Lẹ́yìn Ìfọ̀, Ibafo àti Mowe ló kàn. Àwọn tó ń gbé àdúgbò Lotto lẹ́bàá Mowe lónìí, tí wọ́n ń sáré lọ sídìí iṣẹ́ l'Ékòó kí ilẹ̀ tó mọ́, ò lè mọ̀ pé abúlé olóko ni gbogbo ibẹ̀ nígbà yẹn. Bí lọ́rì bá já wa sílẹ̀, ọ̀nà tóóró là ń tọ̀, ẹrù ìtàgé lórí wa. Ṣùgbọ́n wọ́n mọ eré wò. Bí o kò bá ṣe é dáadáa, wọ́n á sọ fún ọ.

Láàárọ̀ ọjọ́ Ìfọ̀ yẹn, ọ̀gá pín ipa fún wa. Nígbà tó kàn mí, ó ní, "Ìwọ ni ìyàwó." Mo wò ó. Ó ti lé lọ́dún kan tí aṣọ yẹn ti kan ara mi gbẹ̀yìn. Ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Mo dúpẹ́, inú mi dùn gan-an, òmùgọ̀ tí mo jẹ́. Mo rò pé nítorí pé ìlú mi ni, ó fẹ́ kí àwọn èèyàn mi rí mi nínú ẹwà mi.

Ìyálé, ìyẹn ìyàwó ọ̀gá àkọ́kọ́, ló ń wé gèlè fún mi lẹ́yìn aṣọ ìkélé. Èèyàn tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ ni wọ́n, àfi tí wọ́n bá wà lórí ìtàgé. Àwo obì tí a ó fi tọrọ ìyàwó nínú eré wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Òkúta wẹ́wẹ́ tí a fi osùn kùn la máa ń kó sínú rẹ̀, nítorí pé bí obì gidi bá wà níbẹ̀, àwa eléré á ti jẹ ẹ́ tán kó tó dé iwájú èrò. Ìyálé ní kí n mú ọ̀kan. Mo mú un. Obì gidi ni.

Mo ní, "Kí ló dé tí wọ́n fi obì gidi sí i lónìí?"

Wọ́n ní, "Yọjú wo iwájú."

Mo fa aṣọ ìkélé díẹ̀. Bàbá mi ló jókòó síwájú pátápátá. Bàbá mi tí kò wo eré wa rí, tó ń pè wá ní alágbe. Wọn ò wọ kakí, agbádá ni wọ́n wọ̀. Àwọn àgbà ọkùnrin mẹ́ta jókòó tì wọ́n, mo sì dá ọ̀kan mọ̀ nínú wọn. Ẹ̀gbọ́n ọ̀gá ni, láti Abẹ́òkúta.

Ìyálé ò dáwọ́ gèlè wíwé dúró. Wọ́n ní, "Bí wọ́n ṣe fẹ́ mi nílùú mi nìyẹn. Bí wọ́n ṣe fẹ́ àwọn méjì tó kù náà nìyẹn. Ọ̀gá ti lọ bá bàbá ẹ sọ̀rọ̀. Tó bá di ibi ìtọrọ, wọ́n á pe bàbá ẹ gan-an sórí ìtàgé. Wọ́n á bi ẹ́ bóyá kí wọ́n gba obì, wàá ní kí wọ́n gbà á, torí bẹ́ẹ̀ leré ṣe lọ. Wọ́n á gbà á, wọ́n á ṣàdúrà sí i. Tí gbogbo ìlú bá ti fojú rí i, ta lo máa sọ fún pé eré ni?"

Mo ní, "Ẹ̀yin ńkọ́? Ẹ ò mọ̀ ni?"

"Ìgbà tí mo rí i pé ìyá mi ń sunkún ni mo mọ̀." Wọ́n so etí gèlè náà le. "Mo ní kí wọ́n gbà á. Mi ò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ míì wà téèyàn lè sọ níbẹ̀."

Ọ̀rọ̀ bàbá mi yé mi lójú ẹsẹ̀, ohun tó sì dùn mí jù nìyẹn. Bí mo bá di ìyàwó ọ̀gá, ilé ọkọ ni ọmọ wọn wà, ọ̀rọ̀ aṣọ rírán tán. Wọn ò fẹ́ kí n jẹ́ eléré, ṣùgbọ́n wọ́n lè fi mí fún olórí àwọn eléré kí ojú má baà tì wọ́n mọ́. Inú bí mi gan-an. Mo lè sá lọ. Ilẹ̀kùn ẹ̀yìn ṣí sílẹ̀, ojú irin ò sì jìnnà. Ṣùgbọ́n bí mo bá sá, wọ́n á ní mo já ẹgbẹ́ sílẹ̀ lójú èrò, iṣẹ́ tí mo fi ìyà kọ́ á sì bọ́ lọ́wọ́ mi. Mo tún pọ́dà ojú mi ṣe, mo jáde.

Gbogbo wa la mọ bí ìtọrọ ṣe ń lọ. Ọkọ á dọ̀bálẹ̀. Bàbá ìyàwó ò ní fọwọ́ kan obì kó tó bi ọmọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta lójú gbogbo èèyàn pé, "Ṣé kí n gbà á?" Ọmọ á ní, "Ẹ gbà á." Ẹ̀ẹ̀kẹta ni wọ́n máa ń hó. Wọ́n ní wọ́n ń bi ọmọ léèrè. Mi ò tíì rí ọmọ tó dáhùn bí ẹni tí wọ́n bi léèrè rí.

Ọ̀gá ló ń ṣe ọkùnrin olówó. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, agbádá rẹ̀ gba gbogbo ìtàgé. Ọmọ ẹgbẹ́ tó ń ṣe bàbá mi gbé àwo obì sókè, ó kọjú sí èrò. Ó ní, "Ẹ̀yin ará Ìfọ̀, èmi kàn ń di ipò mú ni. Ẹni tó bí ọmọ yìí gan-an wà láàárín wa." Gbọ̀ngàn pàtẹ́wọ́. Bàbá mi dìde, wọ́n gun àtẹ̀gùn, agbádá há mọ́ ìṣó, wọ́n fà á yọ. Nígbà tí wọ́n kọjú sí èrò, wọ́n ń ṣẹ́jú. Ojú wọn ti rí lọ́rì tó dúró fún wọn, kò tíì rí èèyàn tó pọ̀ tó báyẹn.

Wọ́n ní, "Ọmọ mi, ṣé kí n gbà á?"

Mo kúnlẹ̀, mo ní, "Ẹ má gbà á."

Bàbá mi tẹ etí sílẹ̀ bí ẹni tí kò gbọ́ dáadáa. Wọ́n ní, "Ṣé kí n gbà á?"

"Ẹ má gbà á, Bàbá. Ẹ ní alágbe ni eléré. Kí ló dé tẹ́ ẹ fẹ́ fi mí fún ọ̀gá wọn?"

Ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Ọ̀gá gbé orí sókè díẹ̀ nílẹ̀ tó wà, ó wò mí, ó sì tẹ̀ lé mi bí oníṣẹ́ tó jẹ́. Ó sọ fún èrò nínú ohùn olówó rẹ̀ pé, "Ojú ló ń tì í. Ọmọ tó lẹ́kọ̀ọ́ kì í yá ẹnu gbọkọ."

Mo ní, "Ojú ò tì mí. Ẹni tójú ń tì níbí ló dojú bolẹ̀ yẹn."

Àwọn obìnrin dìde lórí bẹ́ǹṣì. Ariwo náà pọ̀ débi pé bàbá mi ní láti dúró kó rọlẹ̀. Òógùn ti bo iwájú orí wọn. Ìbéèrè kẹta tí wọ́n bi mí, kì í ṣe bí wọ́n ṣe kọ́ wọn ni wọ́n ṣe bi í. Wọ́n ní, "Ìwọ ọmọ yìí, ṣé kí n gbà á ni, àbí kí n má gbà á?"

"Ẹ má gbà á. Tẹ́ ẹ bá gbà á, ẹ̀yin ni kó máa gbé lọ."

Bàbá mi wo àwo obì, wọ́n wò mí, wọ́n kó ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn. Àwọn àgbà Abẹ́òkúta ti dìde nísàlẹ̀, wọ́n ń wá fìlà wọn. Ọ̀gá ṣì wà nílẹ̀, mo sì rí i tó ń ronú. Ó lè dìde, kó sọ fún àwọn èèyàn pé èyí kì í ṣe eré, kó lé mi sọ̀kalẹ̀. Ṣùgbọ́n mo ti sọ ọ́ lójú èrò, èrò sì ń hó irú èyí tí a ò gbọ́ rí. Ó dìde, ó gbọn eruku kúrò láyà. Ó ní, "Ó dáa. Ẹ gbé obì mi fún mi." Ó gbé àwo náà sábẹ́ apá, ó bọ́ sẹ́yìn aṣọ ìkélé, àwọn èèyàn sì fẹ́rẹ̀ẹ́ wó ilé ìwé. Ìdajì wákàtí tó kù nínú eré yẹn, kò sí ẹnì kankan nínú wa tó mọ ibi tí ìtàn ń lọ. A kàn ń tẹ̀ lé ara wa.

Nígbà tí a parí, ọ̀gá bá mi níbi tí mo ti ń tú gèlè. Ó ní, "Kó ẹrù ẹ."

Mo ní, "Ọ̀gá, òfin yín ni mo tẹ̀ lé."

Ó ní, "Mo ní kó o kó ẹrù ẹ." Mo kó o.

Bàbá mi ò bá mi sọ̀rọ̀ títí di ọ̀sán ọjọ́ kejì. Mo gbé oúnjẹ lọ bá wọn nídìí géètì. Wọn ò wò mí. Wọ́n ní, "O dójú tì mí níwájú gbogbo Ìfọ̀."

Mo ní, "Níwájú gbogbo Ìfọ̀ lẹ ti fẹ́ fà mí lé e lọ́wọ́, Bàbá. Èmi kọ́ ni mo pe èrò."

"Ta ló máa wá fẹ́ ẹ báyìí?"

"Ẹni tó bá bi mí kó tó bi yín."

Rélùwéè ń bọ̀, wọ́n dìde lọ ti géètì. Mo padà sílé, mo sunkún débi pé mi ò lè gbé ojú sókè. Mo fẹ́ràn wọn, ó sì ń dùn mí pé wọ́n ti fẹ́ fi mí tọrọ iyì. Mi ò sọ pé mo kábàámọ̀. Ẹ̀kún kì í ṣe àbámọ̀.

Lọ́jọ́ kẹta, Ìyálé wọlé tọ̀ mí wá. Àwọn obìnrin Ìfọ̀ ti gbé ọ̀rọ̀ náà dé gbogbo ọjà tí wọ́n ń ná, àwọn ará Ibafo sì ti ránṣẹ́ pé bí kì í bá ṣe eré tí ọmọbìnrin ti kọ ọkọ ni a fẹ́ ṣe, ká má wulẹ̀ yọ ara wa lẹ́nu. Ọ̀gá ní kí n máa bọ̀. Mo ní kí òun fúnra rẹ̀ wá pè mí. Ìyálé rẹ́rìn-ín. Láti ọdún méjì, mi ò rí i kí wọ́n rẹ́rìn-ín rí lẹ́yìn ìtàgé. Wọ́n lọ jíṣẹ́ mi, ọ̀gá sì wá. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, kò wọlé.

Mo ní, "Òkúta la máa máa kó sínú àwo, sà."

Ó ní, "Òkúta ni." Bí mo ṣe padà nìyẹn. Lọ́rì tó gbé wa dúró nídìí géètì, bàbá mi ṣí i fún wa. Iṣẹ́ wọn ni, mi ò ní sọ ọ́ di ohun tí kì í ṣe.

Odindi ọdún méjì ni a fi ṣe eré yẹn. Ọ̀gá á dọ̀bálẹ̀, wọ́n á bi mí lẹ́ẹ̀mẹta, n óò kọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀mẹta. Kò gbọdọ̀ jọ ti àná, nítorí àwọn kan ń tẹ̀ lé wa láti ìlú kan dé òmíràn kí wọ́n lè gbọ́ tuntun. Òun náà ń wá ọ̀nà tuntun láti fi bẹ̀bẹ̀. N óò sọ òótọ́: a bára mu lórí ìtàgé ju tọkọtaya èyíkéyìí tí mo mọ̀ lọ. Ní Mowe, bàbá àgbẹ̀ kan dìde láàárín èrò, ó na ìka sí ẹni tó ń ṣe bàbá mi, ó ní, "Ṣé ẹ ò gbọ́ ni? Ọmọ ní ẹ má gbà á." Nígbà tó yá, wọ́n ní ọmọbìnrin kan ní agbègbè yẹn sọ ọ́ níbi ìtọrọ tirẹ̀ gan-an, ẹrù ìyàwó sì padà síbi tó ti wá. Àwọn àgbà ránṣẹ́ pé a ò gbọdọ̀ ṣe eré náà níbẹ̀ mọ́. A ṣe é.

Ipa yòókù ò sì bọ́ lọ́wọ́ mi. Lẹ́yìn tí mo bá kọ ọkọ tán, mo lè padà jáde bí ìyá arúgbó, bí ọlọ́pàá tàbí bí adájọ́ kóòtù, kí àwọn èèyàn má sì mọ̀ pé èmi ni. Ọ̀gá ò fìyà jẹ mí mọ́. Ó nílò mi ni.

Ọdún tí tẹlifíṣọ̀n kọ́kọ́ dé Ìbàdàn, wọ́n ránṣẹ́ pè wá. Yàrá kan ni wọ́n mú wa wọ̀, iná tó wà níbẹ̀ gbóná ju oòrùn ọ̀sán lọ. Kò sí bẹ́ǹṣì, kò sí èrò. Àwọn ọkùnrin mẹ́ta kan dúró lẹ́yìn ẹ̀rọ, wọn ò sì gbọdọ̀ rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní bí a bá ti ń sọ ọ́ ni àwọn èèyàn á ti máa rí i nílé wọn, nítorí náà kí a má ṣe àṣìṣe. Ọ̀gá dọ̀bálẹ̀ lórí ilẹ̀ dídán. Wọ́n bi mí lẹ́ẹ̀kan, mo ní ẹ má gbà á. Kò sẹ́ni tó hó. Mo gbọ́ ohùn ara mi nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn bí ohùn ẹlòmíràn. Wọ́n bi mí lẹ́ẹ̀kejì, wọ́n bi mí lẹ́ẹ̀kẹta. Lẹ́yìn náà, ọ̀kan nínú wọn gbé ọwọ́ sókè, wọ́n pa iná, wọ́n ní kí a dúró nítorí pé ìròyìn ló kàn kí a tó bẹ̀rẹ̀ apá kejì.

Àwọn yòókù jáde lọ mumi. Ọ̀gá ò dìde. Mo ní, "Ọ̀gá, wọ́n ti pa iná."

Ó ní, "Mo mọ̀." Kò gbé orí sókè. "Mo ti ń rò ó pé torí èrò lo ṣe ń kọ̀ mí. Pé ariwo wọn lo fẹ́ràn. Kò sí èrò níbí. Gbogbo ìgbà tí mo bi ẹ́ ní gbogbo ìlú wọ̀nyẹn, mo bi ẹ́ ni."

Inú ò bí mi. Mo wo ẹ̀yìn orí rẹ̀, ewú ti ń hù níbẹ̀, mo ronú nípa gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo ti fi kọ ọkùnrin yìí, àwọn tó pani lẹ́rìn-ín àti àwọn tó ń ta. Mi ò rí èyí tó yẹ nínú wọn.

Mo ní, "Rárá, sà."

Ó na ọwọ́ sí mi, mo fà á dìde, nítorí ọ̀gá mi ni, mo sì lọ nu pọ́dà kúrò lójú, nítorí èmi náà ni adájọ́ ní apá kejì.